Agbada Tí Yóò Bá Bàbá Relé

Ẹni tó bá ti ń dín nǹkan láti òwúrọ̀ kì í fẹ́ gbọ́ ohùn epo gbígbóná mọ́ bó bá délé. Ọmọ́wùmí kì í tilẹ̀ fẹ́ fi ohun dídín kan ẹnu mọ́. Dùndú àti ẹja ló ń dín tà ní Ọ̀rẹ̀, lẹ́bàá ibi tí àwọn bọ́ọ̀sì tó ń lọ sí Bìní ti máa ń dúró kí èrò lè sọ̀ kalẹ̀ na ẹsẹ̀, kí wọ́n sì ra nǹkan panu. Òórùn epo ti wọ aṣọ rẹ̀, ó wọ irun rẹ̀, ó wọ ìrọ̀rí tó ń sùn lé. Gàzálì ọkọ rẹ̀ a máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé bí iná ọba bá lọ, òun kò nílò àtùpà kí òun tó rí ìyàwó òun, imú òun á mú òun débẹ̀. Nígbà kan, yẹ̀yẹ́ yìí a máa pa Ọmọ́wùmí lẹ́rìn-ín. Lọ́dún yìí, kò pa á lẹ́rìn-ín mọ́. Ó ti rẹ̀ ẹ́.

Àárẹ̀ yìí kì í ṣe irú èyí tí oorun ń wò. Ọjọ́ tí Bàbá Elisha, bàbá tó bí i lọ́mọ, ṣubú lábẹ́ igi kòkó rẹ̀ ní Agbábù tí egungun itan rẹ̀ dá, ọjọ́ náà ló bẹ̀rẹ̀. Wọ́n to egungun náà nílé ìwòsàn, ó sì jinná dé ìwọ̀n tí bàbá fi lè tẹ ọ̀pá, bí ènìyàn bá di apá rẹ̀ kejì mú. Ṣùgbọ́n ta ni yóò di apá kejì yẹn mú ní Agbábù? Ìyá Ọmọ́wùmí ti lọ sílé àìkú. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin wà ní Èkó, a sì máa pè lórí fóònù, pẹ̀lú ohùn tó dùn, ohùn tó ń gbàdúrà, ohùn tí kò lè bá ènìyàn fọ aṣọ. Bí òkété bá dàgbà tán, ọmú ọmọ rẹ̀ ní í mu. Gàzálì fúnra rẹ̀ ló ní kí wọ́n gbé bàbá wá sílé àwọn. Bọ́ọ̀sì Ọ̀rẹ̀ sí Oǹdó ni Gàzálì ń wà. Ó kó àwọn táyà àlòkù rẹ̀ kúrò nínú yàrá ẹ̀yìn, ó kun yàrá náà ní ọ̀dà funfun, ó sì dọ̀bálẹ̀ kí àna rẹ̀ káàbọ̀.

Láti ọjọ́ náà ni Ọmọ́wùmí ti ń jí kí wọ́n tó pèrun. Yóò gbé omi kaná, yóò wẹ ẹsẹ̀ bàbá, yóò fi òrí fọwọ́ ra itan náà, yóò fún un ní ògì, yóò sì gbé iṣu lọ sí ẹ̀gbẹ́ títì. Bí oòrùn bá kan àtàrí, yóò sáré wálé wá fún un ní oúnjẹ ọ̀sán, yóò sì sáré padà kí ẹlòmíràn má baà jókòó sí ààyè rẹ̀. Alẹ́ tún ní tirẹ̀. Karimat, ọmọ wọn kan ṣoṣo, ì bá ràn án lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ilé ìwé ti gbé e lọ sí Àkúrẹ́.

Bàbá Elisha pàápàá kò rí ara gba nǹkan wọ̀nyí sí. Ọmọ Ìkálẹ̀ ayé àtijọ́ ni. Lójú tirẹ̀, ilé ọkọ ọmọ ẹni kì í ṣe ibi tí a ń gbé. Ènìyàn lè bẹ̀ ẹ́ wò, kí ó mu omi, kí ó gbàdúrà fún wọn, kí ó sì kọrí sílé kí oòrùn tó wọ̀. Kí ó wá máa jí sínú ilé àna, kí àna rẹ̀ máa gbé omi ìwẹ̀ fún un! Nígbàkígbà tí Gàzálì bá ràn án lọ́wọ́ dé balùwẹ̀, bàbá a máa tọrọ àforíjì lọ́wọ́ rẹ̀ bí ẹni tó jí nǹkan rẹ̀ gbé.

Ní Sátidé kan, Ọmọ́wùmí ń sá aṣọ lẹ́yìnkùlé pẹ̀lú Qúdrát, télọ̀ tí wọ́n jọ pín ògiri. Qúdrát bi í pé kí ló dé tí ojú rẹ̀ fi wọnú báyìí. Ìbéèrè bẹ́ẹ̀ kò dára lọ́wọ́ ẹni tó ti rẹ̀. Ọmọ́wùmí bẹ̀rẹ̀ sí í rò, kò sì mọ ìgbà tí ẹnu rẹ̀ kọjá ibi tó yẹ kó dúró. Ó ní bí òun bá jí, ti bàbá ni, bí òun bá fẹ́ sùn, ti bàbá ni. Ó ní òun kò mọ ìgbà tí òun jẹun ní ìjókòó kẹ́yìn. Ó ní nígbà mìíràn, òun a máa rò ó pé ì bá rọrùn ká ní bàbá wà nílé tirẹ̀. Qúdrát ní pẹ̀lẹ́, ó sì na ìró kan sórí okùn. Fèrèsé yàrá ẹ̀yìn wà ní ṣíṣí lókè orí wọn, ṣùgbọ́n ọ̀sán gangan ni, àkókò tí bàbá máa ń sùn.

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e ni bàbá kò jẹun dáadáa mọ́. Ọmọ́wùmí ro púpurú fún un, ó se ọbẹ̀ marúgbó tí bàbá fẹ́ràn láti kékeré, bàbá bu díẹ̀, ó ní ó dùn, ó sì ti abọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ó fún un ní ìrẹsì, bákan náà. Ọ̀fun rẹ̀ kò dùn ún, inú rẹ̀ kò run ún. Nígbà tí ẹ̀rẹ̀kẹ́ bàbá bẹ̀rẹ̀ sí í wọnú, Ọmọ́wùmí jókòó sí etí bẹ́ẹ̀dì, ó bẹ̀ ẹ́ pé kó sọ ohun tí ọkàn rẹ̀ ń fẹ́, ohun yòówù kó jẹ́, òun á sè é.

Bàbá gbójú sókè wo àjà.

“Ọma mi,” ó ní, “èyí tí mo máa ń dín fún àwọn òyìnbó ọ̀dà ló ń wù mí.”

Ọmọ́wùmí mọ̀ ọ́n. Kò rí i rí, kò tọ́ ọ wò rí, ṣùgbọ́n ó mọ ìtàn rẹ̀ bí ẹni mọ ọ̀nà ilé. Kí wọ́n tó bí i ni àwọn òyìnbó kan ti wá pàgọ́ sí Agbábù nítorí ọ̀dà dúdú tó ń sun láti inú ilẹ̀ níbẹ̀. Gbogbo ènìyàn ló rò pé Agbábù máa dìlú ńlá. Àwọn òyìnbó ti lọ, ọ̀dà ṣì wà níbẹ̀, ó ń lẹ̀ mọ́ ẹsẹ̀ ewúrẹ́ bí oòrùn bá mú. Àǹfààní kan tí Elisha rí jẹ nínú gbogbo rẹ̀ ni pé wọ́n gbà á sílé ìdáná, ó sì di kúùkù wọn. Oúnjẹ tí wọ́n fẹ́ràn jù lọ́wọ́ rẹ̀ ni ọ́ísítà, ẹran rírọ̀ kan tó ń gbé inú ìkarahun, tó máa ń lẹ̀ mọ́ gbòǹgbò igi ẹ̀gbà létí omi iyọ̀ ní ìhà Ìlàjẹ. Elisha a fi béékìn wé e, ìyẹn ẹran ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n ti fi iyọ̀ àti èéfín tọ́jú, tí wọ́n sì gé pẹlẹbẹ. A tò wọ́n sórí igi bí ẹni to ṣúyà, a rì wọ́n bọ ẹyin, a yí wọn nínú búrẹ́dì gbígbẹ tí wọ́n rún, a sì dín in títí yóò fi pọ́n.

Ẹran ẹlẹ́dẹ̀. Nínú ilé Gàzálì. Ọmọ́wùmí fúnra rẹ̀ ti gba ẹ̀sìn ọkọ rẹ̀ láti ọjọ́ nìkáà, Ràhmọ̀t ni wọ́n ń pè é ní mọ́sálásí, kò sì fi ẹlẹ́dẹ̀ kan ẹnu láti ìgbà náà. Ó rán bàbá létí irú ilé tí wọ́n wà. Bàbá ní òun mọ̀. Ó ní bí kò bá ṣe é ṣe níbí, òun mọ ibi tó ti ṣe é ṣe, òun ṣì ní ilé àti ààrò ní Agbábù.

Inú bí Ọmọ́wùmí. Nínú gbogbo ohun tí Ọlọ́run dá sáyé, èyí ni bàbá rí bèèrè. Ṣùgbọ́n lábẹ́ ìbínú náà, nǹkan mìíràn yọjú. Ó rí ara rẹ̀ tó ń sùn títí ilẹ̀ fi mọ́ kedere. Ó rí yàrá ẹ̀yìn tó ṣófo, tí ẹnikẹ́ni kò pe orúkọ rẹ̀ láti inú rẹ̀. Ara tù ú, ojú sì tì í pé ara tu òun.

Nígbà tó sọ ọ́ fún Gàzálì, ohun tó ń retí nínú ọkàn rẹ̀ lọ́hùn-ún ni kí ó kọ̀. Bí ọkọ bá ti kọ̀, ọ̀rọ̀ ti tán. Gàzálì jẹ ẹ̀bà rẹ̀ tán, ó ṣan ọwọ́, ó sì ronú díẹ̀.

“Ẹlẹ́dẹ̀ kò ní wọ inú ilé mi, kò sì ní kan ìkòkò mi,” ó ní. “Ṣùgbọ́n Kìrìsìtẹ́nì ni Bàbá, kò sófin tó ní kí wọ́n má jẹ ohun tí wọ́n ń jẹ. N óò ra agbada kan, ẹ̀yìnkùlé ló máa wà. Ti Bàbá ni. Ọjọ́ tí wọ́n bá ń padà sí Agbábù, kó bá wọn lọ.”

Lọ́jọ́ kejì ló gbé e dé, agbada irin kékeré, dúdú, tuntun. Ó so àkísà pupa mọ́ etí rẹ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà ṣèèṣì fi dín ẹyin, ó kan ìṣó kan mọ́ ògiri ẹ̀yìnkùlé, ó sì gbé e kọ́ síbẹ̀. Ọkọ tó dára a máa fi kún iṣẹ́ ènìyàn nígbà mìíràn. Ọmọ́wùmí wo agbada náà, ó rí i pé iṣẹ́ tuntun ti dé.

Gàzálì wọlé lọ sọ fún bàbá. Bàbá dúpẹ́, ó tún dúpẹ́, ohùn rẹ̀ sì lọ sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ló ní òun ní ẹ̀bẹ̀ kan. Bí òun bá ti jẹ ẹ́ lọ́jọ́ Àìkú, kí àna òun jọ̀wọ́ fi bọ́ọ̀sì gbé òun lọ sílé ní Mọ́ńdè. Òun ti pẹ́ tó. Gàzálì ní kí wọ́n má ṣe bẹ́ẹ̀, ó bẹ̀ wọ́n títí, ṣùgbọ́n bàbá ti ń ká ẹ̀wù rẹ̀ sínú báàgì. Gàzálì jáde wá wo ojú ìyàwó rẹ̀ bóyá yóò sọ nǹkan. Ọmọ́wùmí tẹjú mọ́ abọ́ tó ń fọ̀. Ó ń rò ó pé bí bàbá bá tún ṣubú ní Agbábù, ó lè wà nílẹ̀ di ọjọ́ kejì kí ẹnikẹ́ni tó gbọ́. Ó sì ń rò ó pé Mọ́ńdè kò jìnnà mọ́. Èrò méjèèjì jókòó sínú rẹ̀ pọ̀, kò sì lágbára láti lé èyíkéyìí jáde.

Ó wá fi gbogbo àárẹ̀ náà wá ọ́ísítà kiri. Ó kéré tán, kí bàbá jẹun kí ó tó lọ. Ìyá Ọlámidé, obìnrin Ìlàjẹ tó ń ta ẹja lọ́jà, rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀ nígbà tó gbọ́ ohun tó ń wá, ó ní òun ń gbé ẹja ńlá wá fún wọn láti ọjọ́ yìí, ẹnikẹ́ni kò bèèrè ohun tó lẹ̀ mọ́ gbòǹgbò igi. Síbẹ̀ ó ránṣẹ́ sílé, wọ́n sì fi àpò tútù kan ránṣẹ́ sí i, tòun ti ìkarahun, tòun ti ẹrẹ̀. Ti ẹlẹ́dẹ̀ ló nira jù. Omifúnfun ló ní láti lọ, lọ́dọ̀ Adébóyè tó ń sin ẹlẹ́dẹ̀, tó sì mọ̀ ọ́n yan dáadáa. Ọmọ́wùmí ní kí ó bá òun gé e pẹlẹbẹ pẹlẹbẹ, kí ó wé e sínú ewé, kí ó fi ọ̀rá bò ó, kí ó sì tún fi ọ̀rá mìíràn bò ó. Ó gbé e lé itan lórí ọ̀kadà bí ẹni gbé ẹyin. Ọlọ́kadà náà rí híjáàbù rẹ̀, ó ní, “Ìyá, ẹran iléyá ti yá báyìí ni?” Ọmọ́wùmí ní kí ó máa wo ọ̀nà. Lọ́wọ́ Rìlwánù oníṣúyà ló ti gba igi, kò sì sọ ohun tó fẹ́ fi ṣe fún un. Àwọn ọ̀rọ̀ kan wà tí kò yẹ kí oníṣúyà gbọ́.

Lọ́jọ́ Àìkú, kò lọ sí ẹ̀gbẹ́ títì. Ó dá iná lẹ́yìnkùlé, ó gbé àpótí, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí ìkarahun. Ọ̀bẹ yọ̀, ó gé e ní àtàǹpàkò. Ó fi àkísà wé e, ó ń bá iṣẹ́ lọ. Nígbà tó ṣí ìdajì, ẹ̀yìn ti ń ro ó, ó wá gbé àwọn tó ti ṣí kaná kí ó tó ṣí ìyókù. Ó gé àlùbọ́sà sí i, ó fi iyọ̀ àti kọ́rì sí i, ó dé e. Kò tilẹ̀ rò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ìyá wo ló bí ọmọ ní ilẹ̀ wa tí kò kọ́ ọ pé bíbọ̀ là ń bọ ẹran kí a tó dín in? Ẹran màlúù, adìyẹ, ìgbín, gbogbo wọn ló ń gba inú omi kọjá kí wọ́n tó rí epo.

Nígbà tó ṣí ìkòkò, kò kọ́kọ́ rí nǹkan kan. Ó fi ṣíbí wá a. Àwọn ọ́ísítà náà ti súnkì, wọ́n rí bí ẹ̀pà tí wọ́n rẹ sómi, wọ́n sì le. Ó gbìyànjú láti fi igi gún ọ̀kan, ó fò kúrò lọ́wọ́ rẹ̀ bọ́ sínú eérú.

Ọmọ́wùmí jókòó sórí àpótí, ó sì bú sẹ́kún. Kì í ṣe ọ́ísítà ló ń sunkún. Ó ń sunkún òwúrọ̀ kùtùkùtù, ó ń sunkún omi gbígbóná, ẹ̀gbọ́n tó ń gbàdúrà lórí fóònù, àti Mọ́ńdè tó ń bọ̀.

Wọ́n ní bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Ọ̀pá ló kọ́kọ́ rí, lẹ́yìn náà ẹsẹ̀. Bàbá Elisha dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn ẹ̀yìn. Kò sí ẹni tó di apá rẹ̀ mú.

“Ta ló ní kí o bọ̀ ọ́?” ó bèèrè.

Ó ní òórùn ló gba fèrèsé wọlé bá òun. Ó ní òun ti kọ́kọ́ dákẹ́, òun sọ fún ara òun pé kò kan òun, ṣùgbọ́n nígbà tí òórùn kọ́rì dé, òun kò lè farada á mọ́. Kúùkù wo ni yóò dùbúlẹ̀ kí wọ́n máa pa ọ́ísítà lẹ́ẹ̀kejì? Ó rọra tẹ ọ̀pá, ó dé orí bẹ́ǹṣì, ó jókòó, ó sì na ọwọ́ gba ọ̀bẹ. Ó ní kí Ọmọ́wùmí bu omi, kí ó rẹ àwọn igi sínú rẹ̀, nítorí igi gbígbẹ á jóná kí ẹran tó jinná. Lẹ́yìn náà ló mú ìkarahun kan, ó wá ibi tí ìdí rẹ̀ ti so pọ̀, ó yí ọ̀bẹ díẹ̀, ìkarahun náà sì là.

Ó ṣí wọn lọ bẹ́ẹ̀, ó ń kó wọn sínú àwo kan, kò gbójú sókè.

“Mo rò pé o máa kọ̀ ni,” ó ní.

Ọmọ́wùmí nu imú, ó ní, “Kí lẹ wí, Bàbá?”

“Mo wá ohun tí a kò lè sè nínú ulé yìí. Bí mo bá ní mo fẹ́ lọ lásán, wọ́n máa sọ ní Agbábù pé àna mi ló lé mi. Àna mi kò lé mi. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá gbọ́ pé ọ̀fun ló gbé arúgbó padà, wọ́n máa fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni, ọ̀rọ̀ á sì tán.” Ó fi ìkarahun kan sílẹ̀. “Mo gbọ́ ohun tí o sọ fún Qúdrát lọ́jọ́ tí ẹ ń sá aṣọ. Kò bí mi nínú. Uṣẹ́ mi ti pọ̀ jù fún ọ.”

Ìtìjú bo Ọmọ́wùmí láti orí dé ẹsẹ̀. Ohun tó kọ́kọ́ wá sí i lẹ́nu ni irọ́. Ó fẹ́ sọ pé kì í ṣe bàbá ni òun ń bá wí, pé bàbá kò gbọ́ ọ dáadáa, pé eré ni. Ṣùgbọ́n irọ́ pàápàá ń gba agbára, kò sì ní in mọ́.

“Ó rẹ̀ mí, Bàbá,” ó ní. “Ó rẹ̀ mí débi pé mo fẹ́ kí ẹ lọ. Mi ò sì fẹ́ kí ẹ lọ. Òótọ́ ni méjèèjì.”

Bàbá mi orí. Kò sọ pé kó dákẹ́, kò sì sọ pé Ọlọ́run á ṣe é. Ó ṣí ìkarahun tó kù lọ́wọ́ rẹ̀ kí ó tó dáhùn.

“Bó bá tún rẹ̀ ọ́, èmi ni kí o ghá sọ fún. Má sọ ọ́ fún ògiri. Mo lè jókòó, mo lè bó usu tí o ń dín. Ṣé o rí i pé ọwọ́ mi kò dá?”

Bàbá ní kí Ọmọ́wùmí lọ gbé agbada tirẹ̀ wá, èyí tó ń lò fún oúnjẹ ilé, pẹ̀lú òróró tirẹ̀. Ọmọ́wùmí kò mọ ohun tó fẹ́ fi ṣe, ṣùgbọ́n ó gbé e wá. Bàbá ní kí ó gbé ẹran ẹlẹ́dẹ̀ sí ọ̀nà jíjìn ná, òun kò tíì fọwọ́ kàn án. Ó to ọ́ísítà sórí igi pẹ̀lú àlùbọ́sà àti tàtàṣé, láìsí béékìn kankan. Ó rì í bọ ẹyin, ó yí i nínú búrẹ́dì, ó sì sọ ọ́ sínú òróró. Kò jẹ́ kó pẹ́. Ó gbé e jáde nígbà tí Ọmọ́wùmí rò pé kò tíì jinná, ó nà án sí i.

“Tìrẹ nìyí. Jókòó kí o tó jẹ ẹ́.”

Àpótí ni Ọmọ́wùmí fẹ́ jókòó lé, bàbá ní rárá, orí bẹ́ǹṣì ni, kí ó fẹ̀yìn ti ògiri. Ó fẹ̀yìn tì í. Ara ọ́ísítà náà ń dún kàràkàrà lábẹ́ eyín, inú rẹ̀ rọ̀, ó ní adùn omi iyọ̀ tí kò tọ́ wò rí. Ó ti pẹ́ tí ẹnikẹ́ni ti dín nǹkan fún un. Ó jẹ ẹ́ títí dé ìdí igi, bàbá sì na ìkejì sí i láìbèèrè. Ẹ̀yìn ìyẹn ni bàbá tó gbé agbada alákìísà pupa kaná, tó wá fi béékìn wé tirẹ̀, tó ń kọ orin kan lábẹ́ imú, orin àwọn tó ń gbẹ́ ilẹ̀ fún òyìnbó.

Ọmọ́wùmí gbọ́ bó ṣe ń jẹun. Ó gbọ́ bó ṣe ń fi igi òfìfo lélẹ̀ lórí àwo, tó sì tún ń mú òmíràn. Oòrùn ìrọ̀lẹ́ wà lójú rẹ̀, ó pa ojú dé nítorí rẹ̀, kò sì rí agbára là á mọ́. Ohùn epo ń dún létí rẹ̀, ohùn tó kórìíra jù láyé, ṣùgbọ́n lónìí ẹlòmíràn ló ń ṣọ́ ọ.

Nínú bẹ́ẹ̀ ló gbọ́ bàtà Gàzálì tó ń bọ̀ láti mọ́sálásí. Ó gbọ́ tí bàbá sọ jẹ́jẹ́ pé kí Gàzálì jẹ́ kí ọmọ òun sùn. Gàzálì sọ ohùn rẹ̀ sílẹ̀. Ó dúró síbi tí èéfín kò ti dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó sì bi bàbá bóyá ó dùn. Bàbá ní ó dùn, ó ní kí Ọlọ́run san án fún un. Bàbá da òróró dànù, ó fi iyanrìn àti ọṣẹ fọ agbada rẹ̀, ó sì nu ún.

“Bàbá,” Gàzálì ní, “mo ti da epo sí bọ́ọ̀sì de ọ̀la. Ṣé kí n bá yín wá àpò kan tí agbada yìí yóò wọ̀?”

Ọmọ́wùmí dúró de ìdáhùn náà pẹ̀lú ojú tó di, ó sì mọ̀ nísinsìnyí èyí tí òun ń fẹ́ nínú kí bàbá lọ àti kí ó dúró.

“Má ṣèyọnu, àna mi,” bàbá ní. “Gbé e kọ́ sórí ìṣó rẹ̀.”

Ọmọ́wùmí gbọ́ tí irin kan ìṣó, tó mì díẹ̀, tó sì dúró.